Ìṣàn Yàtọ̀ sí Pírẹ́ṣọ̀: Ohun Tó Ń Ṣẹlẹ̀ Nínú Jáàkì àti Páìpù Wa

Ẹ̀yin mẹkáníìkì, ẹ̀yin fọ́kánáísà, ẹ̀yin púlọ́ńbà, ẹ̀yin ìyá wa tí ẹ ń yan gàrí, àti ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń kọ́ nípa ẹ̀rọ ní Polí Ẹdẹ, ọ̀rọ̀ tiyín gan-an ni mo gbé wá lónìí.

Ẹ̀sùn kan wà tí kò sí àdúgbò tí wọn kì í ti í gbọ́ ọ: "Pọ́ǹpù yìí ò lágbára mọ́." Omi ò gòkè dáadáa, pọ́ǹpù ni wọ́n bú. Jáàkì ò gbé mọ́tò, wọ́n ní ó ti kú. Ọwọ́ katapílà ń fà tìkọ̀tìkọ̀, wọ́n ní kí ọ̀gá lọ ra pọ́ǹpù mìíràn. Owó á jáde, wọ́n á gbé tuntun wọlé, àìsàn náà á sì wà níbi tó wà. Bíbẹ́ orí kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Ohun tó ń fa ìnáwó òfò yìí ni pé a ti da nǹkan méjì pọ̀ mọ́ra wọn.

Èkíní ni ìṣàn. Ìṣàn ni iye omi tàbí ọ́ìlì tó ń kọjá láàárín àkókò kan: lítà 10 ní ìṣẹ́jú kan, lítà 20 ní ìṣẹ́jú kan. Èkejì ni pírẹ́ṣọ̀. Ìyẹn ni bí omi tàbí ọ́ìlì ṣe ń ti ara ohun tó sé e mọ́, ní ìwọ̀n àyè kan. Ìṣàn ni iṣẹ́ pọ́ǹpù. Ohun tó bá dínà mọ́ ìṣàn náà ló ń bí pírẹ́ṣọ̀. Ẹ tan pọ́ǹpù tó lágbára jù lọ, kí ẹ fi ẹnu rẹ̀ sílẹ̀ gbayawu, omi á tú yàà, ṣùgbọ́n géèjì ẹnu rẹ̀ kò ní kúrò lórí òdo. Bí ẹ bá gbọ́ èyí yé, ẹ ti gbọ́ ìdajì ohun tí mo fẹ́ sọ.

Ẹ jẹ́ ká yà síbi tí wọ́n ti ń ṣe gàrí. Láyé àwọn ìyá wa àgbà, òkúta ńláńlá ni wọ́n ń tò lé àpò pákí tí wọ́n ti rin, omi á máa ro jáde díẹ̀díẹ̀ títí di ọjọ́ kejì, ọjọ́ kẹta. Lóde òní, férémù onírin ni. Àpò á wà nísàlẹ̀, pákó tó nípọn á wà lórí àpò, jáàkì mọ́tò á jókòó lórí pákó, irin sì wà lókè tí orí jáàkì máa kàn. Màmá á di irin ọwọ́ jáàkì mú, wọ́n á máa tẹ̀ ẹ́ lọ, tẹ̀ ẹ́ bọ̀.

Ẹ fojú sí ọwọ́ wọn. Ní ìbẹ̀rẹ̀, irin náà fúyẹ́ débi pé ọmọdé lè tẹ̀ ẹ́. Ọ́ìlì ń ṣàn láti sílíńdà kékeré lọ sí ńlá, ṣùgbọ́n orí jáàkì kò tíì kan irin òkè, nítorí náà kò sí ohun tó ń bá a jà. Bó bá ti kàn án, tí àpò pákí bẹ̀rẹ̀ sí í kọ̀, ọwọ́ á wúwo. Pírẹ́ṣọ̀ dé nìyẹn, àpò pákí ló sì bí i. Ẹ dúró díẹ̀, kí omi pákí dà ṣọ̀ọ̀ sílẹ̀, àpò á rọ̀, irin ọwọ́ á tún fúyẹ́. Ẹ tún tẹ̀ ẹ́, á tún wúwo. Màmá tó bá mọ iṣẹ́ kì í kánjú. Wọ́n á tẹ̀ ẹ́, wọ́n á sinmi, wọ́n á tún tẹ̀ ẹ́, nítorí pé omi inú pákí nílò àkókò kó tó rí ọ̀nà gbà jáde láàárín ìyẹ̀fun tó ti fún mọ́ra. Bí ẹnìkan bá fi ìbínú tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, ẹ̀gbẹ́ àpò ló máa kọ́kọ́ gan, tí á wá dínà mọ́ omi tó wà ní àárín, tàbí kí àpò kúkú bẹ́. Ìmọ̀ ìṣàn gidi ni èyí, mo sì ń bọ̀wọ̀ fún un gidigidi, bí ẹni tó ní in kò tilẹ̀ ríwèé kà rí.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà wo ni ọwọ́ ìyá kan gbà di agbára tọ́ọ̀nù? Ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Blaise Pascal, tó gbé láyé láti 1623 sí 1662, ló ṣàlàyé rẹ̀: bí a bá ti omi tí a sé mọ́ pátápátá, títì náà á dé gbogbo ibi tí omi náà kàn, bákan náà lókè, nísàlẹ̀ àti lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ó lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn ikú rẹ̀ kí Joseph Bramah, oníṣẹ́ ẹ̀rọ kan ní Lọ́ńdọ̀nù, tó gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí ẹ̀rọ ìtẹ̀ olómi ní 1795. Ohun tó fẹ́rẹ̀ẹ́ ba iṣẹ́ náà jẹ́ mọ́ ọn lọ́wọ́ ni jíjò lẹ́gbẹ̀ẹ́ pisítìnì. Henry Maudslay, tó ń bá a ṣiṣẹ́, ni wọ́n ní ó wá ojútùú rẹ̀: awọ tí wọ́n ṣe bí ife, tí pírẹ́ṣọ̀ fúnra rẹ̀ ń tẹ̀ mọ́ ara irin. Láti ìgbà náà títí dòní, síìlì ni ẹ̀mí jáàkì. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn, a máa padà sórí rẹ̀.

Ẹ bá mi ṣírò. Ká ní pisítìnì kékeré inú jáàkì fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 1, kí ńlá fẹ̀ ní 5. Ojú ńlá jẹ́ ìlọ́po 25 ojú kékeré. Ká tún ní irin ọwọ́ gùn débi pé ó ń sọ agbára apá di ìlọ́po 10. Bí ẹ bá fi agbára kìlógíráàmù 20 tẹ irin ọwọ́, 200 ló máa kan pisítìnì kékeré, 5,000 ló sì máa jáde lórí ńlá. Tọ́ọ̀nù 5 nìyẹn. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀fẹ́. Kí ẹrù tó gbéra ní mìlímítà 1 péré, pisítìnì kékeré á rin mìlímítà 25, ọwọ́ yín á sì rin 250. Èrè tí ẹ jẹ nínú agbára, ìrìn lẹ fi san owó rẹ̀.

Níbí ni ìyàtọ̀ tó wúlò jù fún ẹni tó ń tún katapílà tàbí típà ṣe wà. Pírẹ́ṣọ̀ ló ń sọ bí ẹrù tí ẹ̀rọ lè gbé ṣe wúwo tó. Ìṣàn ló ń sọ bí yóò ṣe yára tó. Bí ọwọ́ katapílà bá gbé ẹrù náà, àmọ́ tó ń lọ bí ìgbín, ẹ kọ́kọ́ wá ìṣàn: ṣé ọ́ìlì ò tó ni, ṣé fíltà ti dí, ṣé họ́ọ̀sì tó ń fa ọ́ìlì ti tẹ̀, ṣé pọ́ǹpù ti jẹ. Bó bá ń sáré dáadáa lófìfo, ṣùgbọ́n tó kọ̀ jálẹ̀ bí ẹrù bá ti wọ̀ ọ́, ẹ wá pírẹ́ṣọ̀: fáàfù tó ń dáàbò bo ẹ̀rọ lè ti rọ̀ jù, tàbí kí síìlì inú sílíńdà ti ya, kí ọ́ìlì máa gba abẹ́lẹ̀ padà. Kí ẹ tó tú pọ́ǹpù, ẹ so géèjì mọ́ ọn. Owó géèjì kéré púpọ̀ sí owó pọ́ǹpù.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká bọ́ sórí omi ẹ̀rọ, nítorí ìlú wa Ẹdẹ ní ìtàn nínú rẹ̀. Odò Erinlẹ̀, tí àwọn ará Ìlobùú ń bọ, ló ń ṣàn wá pàdé Ọ̀ṣun ní ìhà ọ̀dọ̀ wa. Wọ́n ti ṣe dáàmù sórí rẹ̀ ní Ẹdẹ kí Nàìjíríà tó gba òmìnira ní 1960. Dáàmù kejì, tó tóbi ju ti àkọ́kọ́ lọ fíìfíì, dé ní àwọn ọdún 1980. Láti ibẹ̀ ni wọ́n ti ń fọ omi, tí wọ́n ń tì í lọ sí Òṣogbo àti àwọn ìlú mìíràn. Ẹ wò ó dáadáa: odò Ọ̀ṣun kọjá ní Òṣogbo kó tó dé ìhà Ẹdẹ. Omi kì í sì í ṣàn gòkè fúnra rẹ̀. Ìyẹn ni pé etídò wa rẹlẹ̀ ju ti Òṣogbo lọ, àti pé gbogbo ife omi ẹ̀rọ tí ará Òṣogbo bá mu láti ọ̀dọ̀ wa, òkè ni pọ́ǹpù tì í gùn.

Èló ni gígùnkè yìí ń gbà? Ẹ jẹ́ ká fi géèjì fọ́kánáísà wọ̀n ọ́n, torí gbogbo wa la mọ̀ ọ́n. Táyà ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ máa ń gba nǹkan bí 30. Omi tó dúró sókè ní mítà 10 máa ń fi nǹkan bí 14 ti ìsàlẹ̀. Bí táǹkì tó ń gba omi bá fi mítà 60 ga ju ibi pọ́ǹpù lọ, a jẹ́ pé pọ́ǹpù ní láti borí nǹkan bí 85 kí ẹ̀kán omi kan tó débẹ̀. A ò tíì ka ohun tí ara páìpù ń gbà lọ́nà. Páìpù gígùn máa ń jẹ pírẹ́ṣọ̀, bí omi bá sì ṣe ń yára sí i ló ń jẹ ẹ́ sí i: bí ẹ bá sọ ìṣàn di ìlọ́po méjì nínú páìpù kan náà, ohun tó ń ṣòfò lójú ọ̀nà á di ìlọ́po mẹ́rin. Ìdí nìyẹn tí kíki pọ́ǹpù ńlá bọ ẹnu páìpù tó ti gbó, tó ti dípẹtà sínú, kò fi tán ìṣòro omi ìlú kankan.

Ọ̀rọ̀ kan wà níbí tó ń dùn mí gan-an. Nígbà tí pírẹ́ṣọ̀ bá wà nínú páìpù ìjọba, ihò kékeré tó wà lára rẹ̀ á máa da omi síta. Òfò ni, ṣùgbọ́n ìdọ̀tí ò lè wọlé. Ìgbà tí omi bá ń wá, tó ń lọ, tí páìpù ṣófo, ihò yẹn náà á wá di ẹnu ọ̀nà tí omi gọ́tà ń gbà wọlé. Bí ẹnìkan bá wá so pọ́ǹpù tirẹ̀ mọ́ páìpù ìjọba tààràtà láti fa omi tí kò fẹ́ wá, fífà ló ń fà, ó sì lè fa gọ́tà gbogbo àdúgbò sínú omi tí àwọn ọmọ fẹ́ mu. Kọ́lẹ́rà kì í béèrè orúkọ ẹni tó fa pọ́ǹpù. Bí ẹ bá gbọ́dọ̀ lo pọ́ǹpù, ẹ jẹ́ kí omi ìjọba kọ́kọ́ dà sínú táǹkì nísàlẹ̀, kí pọ́ǹpù wá fà á láti inú táǹkì.

Páìpù tún máa ń bẹ́ lọ́nà kan tó ń ya ọ̀pọ̀ èèyàn lẹ́nu: ìgbà tí wọ́n mú iná lọ ló máa ń bẹ́, nígbà tí pọ́ǹpù ti dákẹ́. Omi tó ń sáré nínú páìpù gígùn ní ìwúwo, kò sì ní gbà kí a dá òun dúró lójijì. Ọ̀mọ̀wé ará Rọ́ṣíà kan, Nikolai Joukowsky, ṣe ìdánwò èyí lórí páìpù omi ìlú Moscow, ó sì tẹ àbájáde rẹ̀ jáde ní 1898. Bí omi tó ń rin mítà 1 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan bá dúró wọ́ọ́ nínú páìpù onírin, pírẹ́ṣọ̀ tó máa fò sókè lè ju 150 lọ lórí géèjì tí a ń lò yìí. Gbogbo ìṣàn náà ló di pírẹ́ṣọ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. "Gbàù!" tí ẹ máa ń gbọ́ nínú ògiri nígbà tí ẹnìkan bá ti ẹ̀rọ omi pa kíákíá, àbúrò rẹ̀ ni. Ẹ máa ti ẹnu ẹ̀rọ pa díẹ̀díẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ sì ní bọ́ọ̀hóòlù, ẹ má fi fáàfù tí kì í jẹ́ kí omi padà du ara yín lórí pọ́ǹpù súmò yín.

Nínú ilé wa ńkọ́? Táǹkì tó wà lórí òpó ni èyí tó pọ̀ jù nínú wa ń lò. Mo ti rí àwọn tí omi ò tú dáadáa nílé wọn, tí wọ́n yọ táǹkì lítà 1,000 kúrò, tí wọ́n gbé ti 5,000 sí ibi kan náà. Pírẹ́ṣọ̀ kò mọ bí táǹkì ṣe tóbi. Gíga ojú omi sí ẹnu ẹ̀rọ nìkan ló mọ̀. Mítà 4 kò tó 6 lórí géèjì fọ́kánáísà, ì báà jẹ́ lítà 500 tàbí 50,000. Ẹni tó kọ́ ilé alájà kan, tó gbé táǹkì lé òpó tó fi díẹ̀ ga ju àjà lọ, tó wá ra ṣáwà olówó ńlá sókè, ṣáwà náà á máa kán tótótó ni. Ẹ bi púlọ́ńbà yín bí òpó ṣe máa ga tó kí wọ́n tó da kọnkéré rẹ̀.

Bí òpó bá ga tó, tí omi ṣì ń ṣe kúẹ́, ẹ ṣe ìdánwò yìí fúnra yín. Ẹ ti gbogbo ẹ̀rọ ilé pa, kí ẹ ṣí ẹyọ kan. Bó bá tú dáadáa, tó wá rọ nígbà tí ẹ ṣí èkejì, pírẹ́ṣọ̀ kọ́ ni wàhálà yín. Páìpù ló tín-ín-rín. Láti páìpù ààbọ̀ íǹṣì bọ́ sí ti ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin íǹṣì, lójú a máa rò pé díẹ̀ náà ni wọ́n fi ju ara wọn lọ, ṣùgbọ́n ìṣàn tí èkejì máa gbé lè sún mọ́ ìlọ́po mẹ́ta. Kí ẹ sì dín àwọn ẹ́lúbò kù. Gbogbo ìgbà tí omi bá ṣẹ́rí lójijì ló ń pàdánù lára agbára rẹ̀.

Mo ṣèlérí pé a máa padà sórí síìlì. Bíréèkì mọ́tò náà, jáàkì tí a ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ni. Ọ́ìlì bíréèkì sì yàtọ̀ pátápátá sí ọ́ìlì jáàkì. Ọ̀pọ̀ fọ́kánáísà máa ń da ọ́ìlì bíréèkì sínú jáàkì bí ti inú rẹ̀ bá lọ sílẹ̀. Rọ́bà síìlì jáàkì kò gbà á: á wú, á rọ̀, á sì jẹ́ kí ọ́ìlì kọjá. Bákan náà, ẹni tó bá da ọ́ìlì ẹ́ńjìnì sínú bíréèkì ti ba rọ́bà ibẹ̀ jẹ́, ẹ̀mí èrò ọkọ̀ ló fi ń tayò. Omi ọṣẹ nínú bíréèkì ńkọ́? Áà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dán an wò. Ọ́ìlì bíréèkì pàápàá máa ń fa ọ̀rinrin láti inú afẹ́fẹ́. Bí ẹ bá ń sọ̀ kalẹ̀ ní òkè Ẹ̀fọ̀n Aláayè, tí ẹsẹ̀ ò kúrò lórí bíréèkì, ooru á mú kí omi inú ọ́ìlì náà hó. Ọ́ìlì kì í fún pọ̀ bí a bá tẹ̀ ẹ́, oru omi máa ń fún pọ̀. Ẹsẹ̀ á wọlẹ̀ ṣìì, ọkọ̀ ò ní dúró. Ẹ máa pààrọ̀ ọ́ìlì bíréèkì ní nǹkan bí ọdún méjì méjì, kí ẹ sì fi jíà kékeré sọ̀ kalẹ̀.

Ẹ̀yin màmá olùgbọ́ mi nídìí gàrí, omi pákí kan, ó sì ń jẹ irin. Bó bá jẹ ara pisítìnì jáàkì, ara irin náà á ṣe págunpàgun, á sì máa gé síìlì ní gbogbo ìgbà tó bá ń wọlé, tó ń jáde. Bí ẹ bá ti parí iṣẹ́ òòjọ́, ẹ fi omi mímọ́ nu ún, ẹ jẹ́ kó gbẹ, ẹ fi ọ́ìlì díẹ̀ ra á, kí ẹ sì tú u kó wọlé pátápátá kí ẹ tó lọ sílé. Bí ẹ kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, jáàkì tó yẹ kó pẹ́ lọ́wọ́ yín ni ẹ ń pa láìmọ̀.

Èyí tó kù ni mo fẹ́ kí ẹ̀yin ọmọ iṣẹ́ gbọ́ jù. Nínú jáàkì tí a ṣírò lẹ́ẹ̀kan, pírẹ́ṣọ̀ inú rẹ̀ tó 3,600 lórí géèjì tí táyà ti ń gba 30. Nínú katapílà ó lè ju 4,500 lọ. Bí họ́ọ̀sì rẹ̀ bá ní ihò tí kò ju ojú abẹ́rẹ́ lọ, ọ́ìlì tó ń jáde níbẹ̀ á gún awọ ara wọlé tààrà. Ẹ má fi ọwọ́ wá ibi tó ń jò láé. Páálí ni kí ẹ nà síbẹ̀. Ẹ̀yìn tí ẹ bá ti dá ẹ̀rọ dúró, tí ẹ sì ti gbé ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀, ni kí ẹ tó tú ohunkóhun. Ẹ má wọ abẹ́ mọ́tò tí jáàkì nìkan gbé, ẹ má sì wọ abẹ́ ibi ìkẹ́rùsí típà tó wà lókè láìfi irin tó lágbára gbè é. Síìlì kan ṣoṣo ló dúró láàárín ẹ̀yin àti tọ́ọ̀nù mélòó kan. Bí ọ́ìlì bá gún ẹnikẹ́ni, ojú egbò náà á kéré, kò ní dùn ún púpọ̀ ní wákàtí àkọ́kọ́, àwọn èèyàn á sì ní kó lọ fi ìpara pa á. Ẹ má gbà. Inú ẹran ara ni ọ́ìlì náà ti ń ṣiṣẹ́, ọ̀pọ̀ ló ti pàdánù ìka tàbí ọwọ́ nítorí pé wọ́n dúró di ọjọ́ kejì. Ilé ìwòsàn ńlá ni kí ẹ gbé e lọ lọ́jọ́ náà, kí ẹ sì sọ fún dókítà pé ọ́ìlì tó ní pírẹ́ṣọ̀ ló gún un.